Kóòtù De Dàda Mọ́ Àga

Dàda ará Èrìò kì í ṣe ọ̀lẹ. Àgbẹ̀ ni. Kò ṣọ́ géètì rí láyé ẹ̀, àfi ọjọ́ Ajé kan báyìí tí àna ẹ̀ tó ń ṣọ́ ilé-iṣẹ́ omi inú ọ̀rá ní, "Ẹ bá mi jókòó díẹ̀, kí n sáré gba abẹ́rẹ́ n'Ìjerò."

Wàhálà ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Gbádégẹṣin àti Bọ́látitó, ọmọ ìyá kan náà, ni wọ́n jọ ni ilé-iṣẹ́ yẹn, kálukú sì ń pe ara ẹ̀ lọ́gàá. Bọ́látitó gba kóòtù lọ. Dàda ń jẹ àgbàdo sísè lọ́wọ́ ni òṣìṣẹ́ kóòtù dé, ó lẹ ìwé mọ́ géètì. Ó ní adájọ́ pàṣẹ kí gbogbo nǹkan wà bó ṣe wà títí wọn ó fi gbọ́ ẹjọ́. Ẹni tó bá yí nǹkan kan padà, ẹ̀wọ̀n ni.

Dàda ò dìde mọ́. Bí àna ẹ̀ ṣe dé, kò ṣílẹ̀kùn fún un. "Ìwọ ò sí ńbí nígbà tí wọ́n pàṣẹ."

Àbẹ̀ní ìyàwó Dàda gbé oúnjẹ wá. "Bàbá Gift, ẹ máa bọ̀ nílé."

"Ibí ni wọ́n bá mi."

"Àwọn tó ni ilé-iṣẹ́ ni wọ́n ń bá wí."

"Gbogbo nǹkan ni wọ́n ní. Ṣé èmi ò kí ń ṣe nǹkan ni?"

"Ọjọ́ Àìkú yìí ni wọ́n fẹ́ fi yín jẹ Bàbá Ìjọ. Ọdún méjìlá lẹ fi wá a. Tẹ́ ò bá dé, Victor tẹ́ ẹ jọ ń du oyè náà ni wọn ó fún. Ó ti ra fìlà."

Ìyẹn dun Dàda wọnú egungun. Nígbà tí Máyọ̀wá, lọ́yà Gbádégẹṣin, kọjá, ó bẹ̀ ẹ́ kó bá òun tú àṣẹ náà.

"A ti ń pẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, Bàbá. Ṣùgbọ́n a gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ tọrọ àyè."

"Lọ́wọ́ ta ni?"

"Lọ́wọ́ kóòtù tó pàṣẹ."

"Ẹni tó gbá yín létí lẹ ń bẹ̀ kó jẹ́ kẹ́ ẹ lọ fẹjọ́ ẹ̀ sùn?"

"Òfin ni, Bàbá."

Lọ́jọ́ Ẹtì, ìwé kejì dé láti kóòtù gíga: wọ́n ti sún ẹjọ́ di oṣù kẹwàá, àti pé kí gbogbo nǹkan ṣì wà bó ṣe wà. Dàda fi ẹsẹ̀ méjèèjì sábẹ́ àga.

Nígbà tó di ọjọ́ Àìkú, Àbẹ̀ní ló kó ìjọ dé géètì, àti akọrin àti àlùfáà. Wọ́n na aṣọ funfun gba àárín irin wọlé sí i. Àlùfáà ní kó kúnlẹ̀.

"Ìjókòó ni wọ́n bá mi, Àlùfáà."

Àlùfáà wo ìwé méjèèjì lára géètì, ó wo oòrùn, ó kiwọ́ bọ àárín irin, ó gbé e lé e lórí. Bí Dàda ṣe jẹ Bàbá Ìjọ lórí àga onírọ́bà nìyẹn, ojú ẹ̀ ń dán bí ẹni fi òróró pa á.

Victor ní òun ò gbà. Ó ní ta ló ń jókòó gba oyè níwájú Ọlọ́run.

Àbẹ̀ní wo fìlà orí ẹ̀ dáadáa. "Pẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn," ló wí. "Ṣùgbọ́n lọ kọ́kọ́ tọrọ àyè lọ́wọ́ Àlùfáà."