Kọ́kọ́rọ́ tí ìyá àgbà wà nínú ẹ̀

Díẹ̀ ló kù kí wọ́n fi ẹ̀rọ gé ìyá àgbà wa lọ́jà lónìí.

Fóònù Àǹtí mi ló kún. Kò sí kọ̀ǹpútà nílé, mo bá ti clé pẹlẹbẹ kan tí wọ́n ń kó fọ́tò pamọ́ sí bọ ìdí fóònù náà, mo kó gbogbo fọ́tò wọn sínú ẹ̀, títí kan ti ìyá àgbà wa tó ti kú. Mo wá pa ti orí fóònù rẹ́.

Kọ́kọ́rọ́ ni clé ní Faransé tí wọ́n ń sọ níbí, bí mo ṣe sọ ọ́ fún wọn náà nìyẹn: "Àǹtí, fọ́tò yín ti wà nínú kọ́kọ́rọ́ yìí o."

Wọ́n dúpẹ́, wọ́n gbà á, wọ́n jáde lọ sí ìsọ̀ wọn lọ́jà Treichville.

Nígbà tí mo gbé oúnjẹ ọ̀sán lọ fún wọn, ọ̀dọ̀ ẹni tó ń gé kọ́kọ́rọ́ ni mo ti bá wọn. Clé ti wà lẹ́nu ẹ̀rọ.

"Àlàájà, kọ́kọ́rọ́ yìí ò léyín."

"Ẹ gbẹ́ eyín sí i. Ẹ ṣe é ní méjì, kí àbúrò mi ní Ògbómọ̀ṣọ́ náà lè máa rí màmá wa."

Mo já a gbà. Mo tì í bọ fóònù mi. Ìyá àgbà yọ, wọ́n ń rẹ́rìn-ín.

Àǹtí wò wọ́n títí. Wọ́n wá bi mí jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́: "Ilẹ̀kùn wo wá ló ń ṣí?"

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ gbọ́ Yorùbá jù mí lọ, kí lẹ̀ ń pe clé yìí nílé yín?