Egungun Èjìká Mi Kò So Pọ̀, Ìwé Ní Ó Ń So

Ẹ̀yin ará àti ọ̀rẹ́ mi, ẹ fún mi láyè kí n ro ẹjọ́ èjìká mi fún yín. Ọ̀rọ̀ náà kan ẹnikẹ́ni tó bá ń lọ rí dókítà, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ bíi èmi tí mo ṣe tíṣà.

Ó ti lé ní oṣù mẹ́fà báyìí tí mo yọ̀ ṣubú lórí àtẹ̀gùn ilé wa ní Ṣómólú. Òjò ti rọ̀, mo sì gbé korobá omi lọ́wọ́. Kí n tó mọ̀, mo ti fi èjìká ọ̀tún balẹ̀. Ní ilé ìwòsàn tí mò ń lò, wọ́n ya X-ray, wọ́n ní egungun apá ti ṣẹ́ lókè, níbi tó ti wọ èjìká. Wọ́n fi aṣọ gbé apá náà kọ́ mi lọ́rùn, wọ́n ní bó bá fi máa tó oṣù mẹ́ta, yóò ti so pọ̀.

Gbogbo ọjọ́ tí wọ́n bá dá fún mi ni mò ń lọ. Ọ̀dọ́ dókítà kan ló máa ń rí mi. Á ní, báwo lara? Èmi náà á dáhùn pé a dúpẹ́, ara ń le díẹ̀díẹ̀. Á kọ ọ́ sílẹ̀, á ní kí n padà wá lóṣù tó ń bọ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ta ni wọ́n á kí báyẹn tó máa dáhùn pé ara òun kò yá? Ní Ògbómọ̀ṣọ́ tí wọ́n ti tọ́ mi, ẹni tó bá ń fi ẹnu ara rẹ̀ pe àìsàn, wọ́n á bá a wí. Bẹ́ẹ̀ apá yìí kò yá rárá! Ìyá Tọ́lá, ará Ìlàjẹ tó ń ta ẹja ní Bàrígà, tí a jọ ń gbé ilé kan náà, ló ń bá mi yarun, torí ọwọ́ mi kò dé orí. Bí mo bá gbé ife, ó máa ń ṣe mí bíi pé nǹkan ń rìn nínú èjìká.

Ní oṣù karùn-ún ni mo tó rí dókítà àgbà tó mọ̀ nípa egungun. Ó ya X-ray tuntun, ó wò ó pẹ́, ó wá fi bírò tọ́ka sí ìlà dúdú kan. Egungun náà kò so pọ̀. Iṣẹ́ abẹ ló kù, kí wọ́n fi irin dì í. Ó ní kò yẹ kó pẹ́ rárá, torí ojú ibi tó ti ṣẹ́ ti ń rọ̀. Bó bá rọ̀ jù, irin kò ní ríbi dì mú, apá náà lè má gòkè mọ́ láéláé. Ó dá Ọjọ́bọ̀ ọ̀sẹ̀ kejì.

Ní ọjọ́ Ajé ọ̀sẹ̀ iṣẹ́ abẹ náà, Fúnmi ọmọ mi pè mí. Ibi iṣẹ́ rẹ̀ ló fi èmi náà sínú HMO wọn, ìyẹn àwọn tó ń sanwó ìtọ́jú òṣìṣẹ́ àti òbí wọn. Bí wọn kò bá fọwọ́ sí i, kò sí iṣẹ́ abẹ. Ó ní wọ́n ti kọ̀. Wọ́n ní ìwé tí ilé ìwòsàn fi ránṣẹ́ sọ pé egungun mi ń so pọ̀ bó ṣe yẹ. Ta ló wá ń ṣe iṣẹ́ abẹ fún egungun tó ń jinná?

Mò ń ka ọjọ́, mo sì ń ro egungun tó ń rọ̀ bí mo ṣe ń kà á.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, kí wọ́n tó ṣílẹ̀kùn yàrá tí wọ́n ń kó fáìlì sí nílé ìwòsàn, mo ti dé ibẹ̀. Mo fẹ́ mọ ẹni tó purọ́ mọ́ mi. Ọ̀gbẹ́ni Láṣùn tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ fún mi lága, ó sì fara balẹ̀ ṣàlàyé. Àìsàn kọ̀ọ̀kan ló ní kóòdù tirẹ̀, lẹ́tà àti nọ́ńbà. Òun ni HMO ń kà. Egungun èjìká tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣẹ́ ní tirẹ̀, èyí tó ń so dáadáa ní tirẹ̀, èyí tó kọ̀ tí kò so náà ní tirẹ̀. Èyí tó ń so dáadáa ló kọ fún mi.

Mo bi í pé ta ló sọ fún un? Ó ṣí fáìlì mi, ó kà á láti oṣù dé oṣù. Aláìsàn ní ara ń le. Aláìsàn ní ara ń le. Aláìsàn ní òun dúpẹ́. Dókítà àgbà pàápàá, egungun èjìká tó ṣẹ́ àti ọjọ́ iṣẹ́ abẹ nìkan ló kọ. Kò kọ ọ́ pé kò so.

"Mọ́mì, èmi kì í wo X-ray," ló wí. "Ohun tí dókítà bá kọ ni mò ń fi kóòdù sí. Ohun tí ẹ bá sì sọ ni dókítà ń kọ."

Ṣé ẹ rí i? Ẹni tí mò ń wá, èmi ni. Kì í ṣe èmi nìkan o, torí ó yẹ kí ọ̀dọ́ dókítà yẹn ti tún X-ray yà tipẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀bi tèmi kò kéré.

Ọ̀gbẹ́ni Láṣùn ní òun kò lè dá kóòdù yí padà, àfi kí dókítà kọ ọ́. Mo jókòó de ọ̀dọ́ dókítà títí ọ̀sán fi pọ́n. Ó jáde, ó rẹ́rìn-ín sí mi, ó ní, "Mọ́mì, báwo lara?" Èsì ti dé ẹnu mi. Mo gbé e mì.

"Dókítà, ara kò yá," mo ní. "Láti ọjọ́ tí mo ti ṣubú, kò yá rí."

Ó jókòó tì mí. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Ó pe dókítà àgbà lórí fóònù, ó sì kọ ọ́ kedere pé egungun náà kò so lẹ́yìn oṣù márùn-ún. Ọ̀gbẹ́ni Láṣùn yí kóòdù padà, ó fi í ránṣẹ́.

Ọjọ́rú kọjá, kò sí èsì. Ọjọ́bọ̀ náà kọjá, iṣẹ́ abẹ sì bá a lọ. Ìyá Tọ́lá ń bá mi yarun lọ́wọ́, ó ní, "Tíṣà, bí iná bá ń jó yín ní gèlè, ẹ ó ní a dúpẹ́, ooru ló mú díẹ̀." Mo rẹ́rìn-ín, omijé sì bọ́. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ẹtì ni Fúnmi tó pè pé wọ́n ti fọwọ́ sí i. Wọ́n ṣe é lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e.

Ẹ jọ̀ọ́, ìkíni yàtọ̀ sí ìbéèrè dókítà. Ẹ dúpẹ́ tán, kí ẹ wá sọ ibi tó ń dùn yín àti ohun tí ọwọ́ yín kò lè ṣe. Ẹ sì ní kí wọ́n ka ohun tí wọ́n kọ sétí yín. Kì í ṣe àfojúdi.

Ṣé irú rẹ̀ ti ṣe ẹ̀yin náà rí, tí ẹ dáhùn bí ọmọlúàbí, tó wá di wàhálà? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀ níbí kí a jọ fi kọ́gbọ́n. Ní tèmi, ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni wọn yóò ya X-ray láti mọ̀ bóyá egungun ti ń so. Ẹ̀rù ń bà mí, n ó sì sọ bẹ́ẹ̀ fún dókítà.