Akàn Ọlọ́wọ́ Òsì

Títí di bí mo ṣe ń kọ ọ́ yìí, mi ò tíì mọ ẹni tó jàre nínú ọ̀rọ̀ náà.

Nígbà ọlidé tó kọjá, mo mú ọmọ mi obìnrin, ọmọ ọdún mẹ́fà, lọ sọ́dọ̀ ìyá tó bí ìyá mi ní Àjídò, níbi tí màmá ti ń yan ẹja létí ọ̀sà. Òsì lọmọ mi ń lò. Òun ló fi ń jẹun, òun ló fi ń kọ̀wé. Lọ́jọ́ tí a dé, màmá ní kó gbé abọ́ ẹja wá, ọmọ sì fi òsì nà án sí i. Màmá ò gbà á. Ó ní, "A kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba ẹni, mélòó mélòó ká fi gbé oúnjẹ fún àgbà." Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, ó ya etí ìró àtijọ́ kan, ó fi de ọwọ́ òsì ọmọ náà mọ́ ìbàdí rẹ̀. Èmi ni mo di ọwọ́ náà mú kó lè rí i so.

Kí ẹ tó bú mi, bó ṣe de tèmi náà nìyẹn nígbà tí mo wà ní kékeré. Lónìí, ọ̀tún ni mo fi ń ṣe gbogbo nǹkan, àwọn èèyàn sì máa ń yìn mí pé mo lẹ́kọ̀ọ́, torí ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ màmá. Inú sì tún ń bí mi sí i. Mi ò mọ èyí tó yẹ kí n gbà gbọ́ nínú méjèèjì.

Ní ọjọ́ karùn-ún, nígbà tí omi fà, mo mú ọmọ lọ sábẹ́ àwọn igi ẹ̀gbà tó ta gbòǹgbò sínú ọ̀sà lẹ́yìn ilé, níbi tí ẹrẹ̀ ti kún fún àwọn akàn kéékèèké tí ẹnikẹ́ni kì í jẹ. Akọ wọn ní ọwọ́ ńlá kan àti kékeré kan. Èyí ńlá ni wọ́n ń jù sókè sódò lẹ́nu ihò, bí ẹni ń pe èèyàn. Mo rò pé mo ti rí ohun tí màá fi tù ú nínú. Mo nàka sí ọ̀kan tó kọjú sí wa, mo ní, "Wò ó, akàn pàápàá mọ̀ pé ọ̀tún la fi ń kíni."

Ó wò ó títí. Ó wá kẹ̀yìn sí akàn náà, kí àwọn méjèèjì lè jọ kọjú síbì kan náà.

"Mọ́mì, òsì rẹ̀ nìyẹn."

Òótọ́ ni. Mo yáa wá òmíràn, ìyẹn ń lo ọ̀tún. Èyí tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ń lo òsì. Orí mi dàrú pátápátá. Èmi tí mo fẹ́ ṣe olùkọ́, ọmọ ọdún mẹ́fà ló ń kọ́ mi.

Màmá ti tẹ̀ lé wa dé. Mo bi í pé kí ló dé tí Ẹlẹ́dàá fi dá àwọn wọ̀nyí bẹ́ẹ̀. Ó ní akàn kì í gbé oúnjẹ fún àgbà. Ó padà sídìí ẹja rẹ̀, èmi sì dúró sínú ẹrẹ̀ bí òmùgọ̀.

Nígbà tó yá, mo bẹ̀rẹ̀ láti tú aṣọ náà. Ọmọ mi fà sẹ́yìn.

"Ẹ fi sílẹ̀, Mọ́mì. Ó ti ń mọ́ mi lára."

Síbẹ̀, mo tú u. Ọwọ́ náà ò kúrò ní ìbàdí rẹ̀.