Ẹsẹ Kan Tí Bàbá Òkè Máa Ń Fò

Ìṣó kéékèèké mẹ́ta wà láàárín ètè Bàbá Òkè, ó fi eyín dì wọ́n mú, síbẹ̀ ó ń ka Fátíhà. Imú rẹ̀ ni ohùn náà ń gbà jáde ju ẹnu lọ. Bó bá ka díẹ̀, yóò yọ ìṣó kan, yóò gbé e lé gìgísẹ̀ bàtà tó wà lórí itan rẹ̀, yóò fi hámà kàn án lẹ́ẹ̀mejì, kó, kó, yóò sì máa bá kíkà rẹ̀ lọ. Mo jókòó sórí àpótí lẹ́bàá fèrèsé, ìwé ìṣirò mi ṣí sílẹ̀ lórí eékún mi. Nígbà tó kà á dé ẹ̀ẹ̀kẹta, mi ò lè pa á mọ́ra mọ́.

"Bàbá, ẹ fo ibì kan."

Hámà dúró.

"Ibo?"

"Lẹ́yìn Alhamdulillahi Rabbil aalamiin, Ar-Rahmaanir Rahiim ló kàn. Ẹ fò ó, ẹ lọ bọ́ sí ọjọ́ ìdájọ́ lẹ́ẹ̀kan náà."

Ó yọ àwọn ìṣó ẹnu rẹ̀, ó tò wọ́n sí etí fèrèsé. Ó wò mí títí tí mo fi bẹ̀rẹ̀ sí rò pé mo ti rí àgbà fín.

"Mo mọ̀," ni ó wí. "Mo mọ̀, tíṣà."

Ó dá àwọn ìṣó padà sẹ́nu, ó tún bẹ̀rẹ̀ láti òkè, ó sì tún fò ó.

Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni mí nígbà náà. Ìdí tí mo fi wà ní yàrá àgbàlagbà aláwọ̀ funfun kan ní òwúrọ̀ tí àwọn ẹgbẹ́ mi wà nílé ìwé kò ṣòro láti ṣàlàyé. Ọrọ̀ ajé Dubai ti dẹnu kọlẹ̀. Ilé iṣẹ́ ìkọ́lé tí bàbá mi ń bá ṣiṣẹ́ ti dá gbogbo wọn dúró, àwọn kireni gíga tó máa ń yí lójú sánmà sì dúró gbagidi sójú kan, bí ẹni tí ọ̀rọ̀ pèsì jẹ. A kó kúrò ní Dubai, a wá gba yàrá kan nínú fúláàtì tí àwọn ọmọ Nàìjíríà mìíràn jọ ń gbé ní Al Qasimia, ní Sharjah. Ilé ìwé mi dúró ná. Ìyá mi, tó jẹ́ nọ́ọ̀sì, máa ń jáde kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa. Bàbá mi á wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Dubai láti máa kan ilẹ̀kùn kiri. Ìyá mi ló bá obìnrin tó ń gbé lókè wa sọ̀rọ̀ lórí àtẹ̀gùn lọ́jọ́ kan. Obìnrin náà ní bàbá òun kì í jáde, kí ọmọ máa wá bá a jókòó.

Ẹ̀wù onírun ni obìnrin yẹn ń tà ní Deira, ní Dubai. Ó pẹ́ kí n tó gbà pé ẹnikẹ́ni lè máa ta ẹ̀wù òtútù níbi tí ooru ti ń jó àtẹ́lẹsẹ̀ ènìyàn nínú bàtà. Àwọn ará Rọ́ṣíà tó ń wá gbafẹ́ ló ń rà á, wọn ò sì fi bẹ́ẹ̀ wá mọ́. Òun àti bàbá rẹ̀ nìkan ló ń gbé. Orúkọ Mùsùlùmí ni orúkọ ìdílé wọn, nítorí náà gbogbo ilé ń pe bàbá náà ní Àlájì. Àwa la sọ ọ́ ní Bàbá Òkè.

Yàrá rẹ̀ ń rùn gọ́ọ̀mù, awọ, àlùbọ́sà tútù àti tíì dúdú. Kì í bu ṣúgà sínú tíì. Yóò há ṣúgà onígun mẹ́rin kan sáàárín eyín, yóò sì máa fa tíì gbígbóná kọjá lára rẹ̀ pẹ̀lú ariwo tí ìyá mi ì bá gbá mi létí fún. Bàtà gbogbo ará ilé ló ń tún ṣe, torí ọwọ́ rẹ̀ kò lè sinmi. Òwú tó fi ń rán wọn, ọmọ rẹ̀ ló ń rà á wá láti ọjà Al Ras. Bó bá dé, bàbá náà á kọ́kọ́ tọ́ ọ lá, á ronú díẹ̀, á wá mi orí. Èmi kọ́ ọ ní "ẹ káàárọ̀". Láti ọjọ́ náà ló ti ń fi "ẹ" kí mi bí ẹni tó ń kí ìyá rẹ̀, mo rẹ́rìn-ín títí, mi ò sì tún un ṣe.

Gẹ̀ẹ́sì la jọ ń sọ. Tirẹ̀ ṣẹ́ wẹ́wẹ́, ó sì ń fi Rọ́ṣíà àti Lárúbáwá díẹ̀díẹ̀ dí ibi tó jò. Ní ọjọ́ tó sọ ìdí tó fi ń fo ẹsẹ náà fún mi, òjò rọ̀ ní Sharjah. Ẹni tó bá gbé ibẹ̀ rí mọ bí òjò ṣe máa ń dà wọ́n láàmú. Ní wákàtí kan péré, omi ti gba gbogbo títì, àwọn ọkùnrin ń gbé bàtà lọ́wọ́, wọ́n ń ká ṣòkòtò, pátákó ń léfòó níwájú ṣọ́ọ̀bù. Bàbá Òkè dúró lójú fèrèsé, ó ń wo ẹrẹ̀ tó wà ní ilẹ̀ òfìfo ẹ̀gbẹ́ ilé wa.

"Irú ẹrẹ̀ báyìí ni," ó wí. "Ó bo kókósẹ̀."

Mo bi í pé níbo.

Ó ní sójà ni òun nígbà náà, ọmọ ogún ọdún. Ó ní ogun náà tóbi, pé àwọn Jámánì ká wọn mọ́ pápá kan nígbà òtútù, àwọn tó pọ̀ ju gbogbo èrò tó máa ń kún gbàgede Rolla ní ọjọ́ Jímọ̀ lọ. Wọ́n gba ìbọn lọ́wọ́ wọn. Wọ́n tò wọ́n. Ọ̀gá kan wá sọ pé kí gbogbo Júù bọ́ síwájú.

"Júù ni ìyá mi," ó wí. "Júù ni bàbá mi. Èmi náà. Mo ti gbé ẹsẹ̀."

Ó gbé ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ sókè díẹ̀ kúrò lórí ilẹ̀ yàrá, ó sì dì í mú síbẹ̀.

"Ọ̀rẹ́ mi wà lẹ́yìn mi. Òun ló ń rán bàtà fún ẹgbẹ́ ọmọ ogun wa, òun ló kọ́ mi ní iṣẹ́ yìí. Tátà ni, Mùsùlùmí ilẹ̀ Rọ́ṣíà. Ó di bẹ́líìtì mi mú láti ẹ̀yìn. Ó ní, 'Dúró. Arákùnrin mi ni ọ́.' Mo dúró. Àwọn tó jáde, wọ́n kó wọn lọ sẹ́yìn igi. A gbọ́ ìró ìbọn. Kò pẹ́ rárá."

Ó wá gbé ẹsẹ̀ náà kalẹ̀. Ó ní ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi rìn lẹ́yìn ìyẹn, ọ̀rẹ́ rẹ̀ sì ń kọ́ ọ ní Fátíhà lójú ọ̀nà, ní kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́, ẹsẹ kan, lẹ́yìn náà òmíràn, torí àwọn Jámánì ti bẹ̀rẹ̀ sí fura sí ẹnikẹ́ni tó bá ní Mùsùlùmí lòun, pé Júù ló ń sá pamọ́. Nígbà tí wọ́n dé ibùdó ẹlẹ́wọ̀n, wọ́n mú ọkùnrin kan wá tó gbọ́ kéwú, pé kó dán wọn wò ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bàbá Òkè dúró níwájú rẹ̀, ó kà á. Nígbà tó parí, ọkùnrin náà wo ẹsẹ̀ rẹ̀. Ó wo ojú rẹ̀. Ó wá yíjú sí Jámánì náà, ó ní, "Ó mọ̀ ọ́n."

"Nígbà tí a jáde, ọ̀rẹ́ mi fẹnu sí mi létí. Ó ní mo fo ẹsẹ kan."

"Ṣé ọkùnrin yẹn ò gbọ́ ni?" mo bi í.

"Mi ò mọ̀. Bóyá òtútù ti di í létí. Bóyá ó gbọ́. Lọ́jọ́ kan, màá gbà pé ó gbọ́. Lọ́jọ́ kejì, màá gbà pé kò gbọ́. Ayé kì í rí bákan náà lójú mi ní ọjọ́ méjèèjì yẹn."

Ọ̀rẹ́ náà kò rí òpin ogun. Ibà ló pa á nínú yìnyín. Bàbá Òkè ti ń jẹ́ orúkọ ìdílé rẹ̀ bí àbúrò rẹ̀, kò sì bọ́ ọ sílẹ̀ mọ́. Nígbà tó padà dé ìlú rẹ̀, ó kan ilẹ̀kùn ilé wọn, obìnrin kan tí kò mọ̀ rí ló ṣí i. Ìyá rẹ̀ àti àwọn àbúrò rẹ̀ obìnrin kò sí mọ́. Kò sí ẹni tó kù tí yóò fi orúkọ àtijọ́ pè é.

Mo rò ó. Mo ní, "Bàbá, ṣé Mùsùlùmí ni yín àbí Júù?"

"Ìbéèrè dáadáa ni," ó wí, ó sì jókòó. "A jẹ́ méjì. Èmi nìkan ló kù lára wa."

"Ẹ jẹ́ kí n kọ́ yín ní èyí tí ẹ ń fò. Kò le. Àlùfáà wa ní Ìbàdàn sọ pé ìtumọ̀ rẹ̀ ni Àjọkẹ́ ayé, Àṣàkẹ́ ọ̀run."

Mo gbìyànjú láti túmọ̀ ìyẹn sí Gẹ̀ẹ́sì fún un, mi ò rí i ṣe. Ó gbọ́ mi títí.

"Bí mo ṣe kà á lọ́jọ́ yẹn ni mo fi yè," ó wí. "Ẹ̀rù ń bà mí láti fọwọ́ kàn án."

Mo sọ̀kalẹ̀ wá sí yàrá wa, orí mi sì wúwo. Ohun tí mo mọ̀ nípa sójà ni pé ó ń jà. Èyí kò jà, wọ́n dì í ní bẹ́líìtì mú ni. Ohun tí wọ́n kọ́ mi nípa irọ́ ni pé ó ń pani. Irọ́ mẹ́ta ló wà nínú ìtàn yìí, gbogbo wọn ló sì gbani là. Mi ò mọ ibi tí mo lè gbé ọ̀rọ̀ náà sí, mo bá gbé e lọ síbi oúnjẹ. Bí a ṣe ń jẹ ìrẹsì, mo sọ fún àwọn òbí mi pé Júù ni Bàbá Òkè.

Bàbá mi fi ṣíbí sílẹ̀.

"Ta lo tún sọ ọ́ fún?"

"Mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni."

"Má sọ ọ́ mọ́. O gbọ́? Ilé onílé la wà. Visa mi ku díẹ̀ kó parí, mi ò níṣẹ́ lọ́wọ́. Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni wá bi mí léèrè ọ̀rọ̀ tí mi ò mọ̀dí rẹ̀. Má lọ sókè yẹn mọ́."

Ìyá mi ní, "Bàbá arúgbó ni, ẹ̀yin náà. Kí ló fẹ́ ṣe fún ẹnikẹ́ni?"

"Mi ò ní ó fẹ́ ṣe nǹkan kan," bàbá mi wí. Ó mú ṣíbí, ó tún gbé e sílẹ̀. "Mi ò mọ̀. Kó má lọ ná."

Mi ò lọ mọ́. Ẹ̀gbọ́n kan tó ń ṣe sikiọ́rítì, tó ń gbé yàrá kejì, tó máa ń sùn ní ọ̀sán, ni wọ́n ní kó máa ṣọ́ mi. Mo máa ń gbọ́ hámà lórí àjà. Lọ́sẹ̀ kejì, lífìtì bàjẹ́. Bí mo ṣe ń gun àtẹ̀gùn pẹ̀lú búrẹ́dì tí wọ́n rán mi, Bàbá Òkè ń bọ̀ láti òkè, ó di irin ẹ̀gbẹ́ àtẹ̀gùn mú. Ó rí mi, ojú rẹ̀ tan.

"Ẹ káàárọ̀, tíṣà."

Ọmọ Yorùbá ni mí. Láti ìgbà tí mo ti ń rìn ni mo ti mọ̀ pé a kì í kọjá lára àgbà bí ẹni kọjá lára òpó. Mo wo ògiri. Mi ò kúnlẹ̀, mi ò dáhùn. Ó wá yà, ó fi ẹ̀yìn ti ògiri, ó fa ikùn rẹ̀ wọlé, ó sì jẹ́ kí n kọjá, bí ẹni pé ó ti ṣe bẹ́ẹ̀ rí fún àwọn ẹlòmíràn, bí ẹni pé ara rẹ̀ ti mọ ọ́n ṣe.

Ní ìparí oṣù yẹn, ṣọ́ọ̀bù ẹ̀wù onírun kógbá wọlé. Ọmọ Bàbá Òkè sọ̀kalẹ̀ wá, ó ní àwọn ń lọ sọ́dọ̀ mọ̀lẹ́bí ọkọ òun àtijọ́, pé kí bàbá mi jọ̀wọ́ bá àwọn gbé àpótí. Bàbá mi gòkè. Ó pẹ́. Nígbà tí mo yọjú sí ẹnu ọ̀nà wọn, mo rí i tó jókòó sórí ilẹ̀ níwájú bàbá náà, bàbá náà gbé ọwọ́ lé èjìká rẹ̀, àwọn méjèèjì ń sọ̀rọ̀. Ẹ̀rọ amúlétutù ń pariwo, mi ò gbọ́ nǹkan kan. Bàbá mi rí mi, ó juwọ́ sí mi pé kí n padà. Mo padà. Mo wo ọkọ̀ wọn láti fèrèsé títí ó fi yà ní ìkóríta.

Lẹ́yìn náà ni bàbá mi ríṣẹ́ sí ilé ìkẹ́rùsí kan ní Jebel Ali, mo padà sílé ìwé, ayé sì ń lọ. Ọdún púpọ̀ kọjá, a ti wà ní Ìbàdàn, kí n tó lè bi bàbá mi léèrè ohun tí wọ́n sọ.

"Mo tọrọ àforíjì," ó wí. "Mo ní èmi ni mo ní kó o má wá, kì í ṣe ìwọ. Ó ní òun ò mọ ohun tí mò ń sọ, pé o kì í kọjá lára òun láì kí òun."

"Ṣùgbọ́n mo kọjá lára rẹ̀."

"Ohun tó sọ fún mi nìyẹn."

Mi ò mọ̀ bóyá ó ti gbàgbé, àbí ó rántí tó sì fi mí sílẹ̀. Lọ́jọ́ kan màá gba ọ̀kan gbọ́, lọ́jọ́ kejì màá gba èkejì.

Èmi náà ti ń bímọ báyìí. Ní ọjọ́ Jímọ̀, bí mo bá ń tọrọ fún àwọn òkú wa, mo máa ń dárúkọ wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bó bá kan Bàbá Òkè, ahọ́n mi á dúró. Orúkọ ìdílé tó ń jẹ́, ti ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó kú sínú yìnyín ni. Èyí tí ìyá rẹ̀ sọ ọ́, ó pè é sí mi létí lẹ́ẹ̀kan ní ọjọ́ òjò yẹn, jẹ́jẹ́, bí ẹni tó ń yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ó ṣì ń dún. Ọmọdé ni mí, ìyókù ìtàn ni mò ń dúró dè. Bóyá èmi ni ẹni ìkẹyìn tó gbọ́ ọ láyé. Mo gbọ́ ọ, mi ò sì dì í mú. Mo máa ń dákẹ́ síbẹ̀ díẹ̀, kí n tó ṣe àmín.