Ọjọ́ tí Ẹ̀jẹ̀ Fẹlísíà Dá Mi Láre

Fẹlísíà, ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ní Arimogija, ni ó kọ́kọ́ pè mí ní àjẹ́ tí ń pa ọmọ ara rẹ̀, n kò sì lè gbàgbé ọjọ́ tí ẹ̀jẹ̀ tirẹ̀ dá mi láre. Nígbà tí ọmọ mi kejì kú, òun ni ó gé ìka òkú rẹ̀, kí àbíkú má baà padà wá.

Lọ́dún tó kọjá, egungun bẹ̀rẹ̀ sí í ro ọmọ-ọmọ tirẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ní Ọ̀wọ̀, mo sì tẹ̀ lé wọn, nítorí ọmọ náà kò ṣẹ̀ mí. Àwọn dókítà tí ń ṣèwádìí àrùn fòníkú-fọ̀ladìde, àrùn ẹ̀jẹ̀ tí ń ro ọmọ légungun tí ó sì ń pa á, gba ẹ̀jẹ̀ gbogbo wa.

Nígbà tí èsì dé, dókítà kọjú sí Fẹlísíà. "Màmá, irúgbìn àrùn náà wà nínú ẹ̀jẹ̀ yín, bí kò tilẹ̀ ṣe yín."

"Kí ni tèmi nínú rẹ̀? Ẹni tí a fẹ́ wá sílé ni kí ẹ bi."

"Bàbá àti ìyá ló ń pa á pọ̀ fún ọmọ, Mà. Ìdílé yín ti ní in kí ẹ tó fẹ́ ìyàwó kankan wọlé."

Mo rántí ìka ọmọ mi. Mo dúró kí ó tọrọ àforíjì, ṣùgbọ́n ó fà mí jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ẹ̀yin ará ilé wa ni mo kọ èyí fún, kí ẹ lè mọ ohun tí ó sọ: "Ìyàwó wa, jọ̀ọ́, má jẹ́ kí àwọn ará ilé gbọ́."