Ilé Mẹ́ta Lowó Ẹ̀, Ọ̀kan Ni Mo Máa Gbé

Gbogbo Lapaz ní Accra níbí ló mọ̀ pé mo mọ ọjà ná, àmọ́ díẹ̀ ló kù kí báńkì rẹ́ mi jẹ láàárọ̀ yìí.

Ilé tí mo fẹ́ rà ní Tema, mo ná an títí onílé fi ní òun ò fẹ́ rí mi mọ́. Ó dín in kù gidi. Mo ń yangàn kiri.

Báńkì ló máa yá mi lówó, kí n máa san án lóṣooṣù fún ogún ọdún. Owó oṣooṣù nìkan ni wọ́n ń sọ sí mi létí. Bírò ti wà lọ́wọ́ mi kí n tó bi ọmọkùnrin báńkì tó ń dá mi lóhùn:

"Tí mo bá san án tán, èló ni gbogbo ẹ̀?"

Ó tẹ kọ̀ǹpútà ẹ̀. "Madam, pẹ̀lú èlé, á tó owó ilé mẹ́ta."

"Ilé mẹ́ta kẹ̀! Kí n wá máa sùn nínú ọ̀kan?"

Mo gbé bírò kalẹ̀. Èlé ọdún àkọ́kọ́ nìkan ti gbé ẹ̀dínwó tí mo fi ń yangàn mì.

"Ọdún mẹ́wàá ńkọ́?"

Ó tún tẹ̀ ẹ́. Owó oṣooṣù lọ sókè díẹ̀, àmọ́ odindi ilé kan já bọ́ nínú gbèsè yẹn!

Ó bú sẹ́rìn-ín, ó fi orúkọ tí wọ́n ń pe àwa Yorùbá ní Ghana pè mí. "Alata! Ẹ tún ń ná báńkì?"

"Chale, ọ̀rẹ́ mi, mi ò tíì bẹ̀rẹ̀."

Ọdún mẹ́wàá ni mo fọwọ́ sí.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń san gbèsè ilé tiyín lọ́wọ́, ẹ má purọ́ fún mi: owó ilé mélòó lẹ ń san?