Ọba Onídírágónì àti Ibi Ìsunkòkò Ìyá Àgbà

Ní àárọ̀ Sátidé, òórùn omi èèpo irúgbá ló máa ń jí mi. Bí Ìyá Àgbà, ìyá tó bí bàbá mi, bá ti fi ọ̀pá fa ìkòkò jáde nínú iná, yóò bu omi náà lù ú kí ara rẹ̀ lè dán, ìkòkò á ké ṣàà, èéfín á sì gba gbogbo agbo ilé wa n'Ílọrin. Ó máa ń ta mí nímú, síbẹ̀ mo fẹ́ràn rẹ̀ ju òórùn àkàrà lọ. Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà sí àdúgbò amọ̀kòkò, ẹ mọ ohun tí mò ń wí.

Sátidé náà ni àbúrò bàbá mi tó ń kàwé, tó ń gbé Tanke, máa ń gbé kọ̀ǹpútà rẹ̀ wálé kí a lè wo eré onídírágónì kan, níbi tí àwọn ọmọ ọba ti ń jà sí ìtẹ́. Ìyá Àgbà kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, èmi ọmọ ọdún mọ́kànlá ni ògbufọ̀ rẹ̀. Ọjọ́ tó kọ́kọ́ rí i tí dírágónì tu iná sórí ìlú, ó káwọ́ lérí. "Háà! Gbogbo iná yìí, wọn ò to ìkòkò kankan sí i? Òfò!" A rẹ́rìn-ín títí.

Ṣùgbọ́n ní tèmi, ọ̀rọ̀ ìtẹ́ yẹn kì í ṣe eré. Ìyá Àgbà ti ń darúgbó. Àǹtí Ràbí, ọmọ rẹ̀ obìnrin tó ń ta aṣọ ní Challenge, ti ń sọ ọ́ kiri pé lẹ́yìn màmá òun, ṣọ́ọ̀bù lòun máa kọ́ síbi ìsunkòkò. Mo fẹ́ mọ ìkòkò títí ayé mi, kò sì sí ibòmíràn tí a ti lè dáná rẹ̀.

Ó wá di Sátidé tí ọba inú eré kú. Ọmọ rẹ̀ obìnrin ló fún ní ìtẹ́, ṣùgbọ́n inú yàrá ló ti sọ ọ́, òun àti ọmọ náà nìkan. Kí wọ́n tó sin ín tán, àbúrò ọmọ náà ti dé adé, dírágónì ti ń fa dírágónì ya. Bí mo ṣe túmọ̀ rẹ̀ tán, Ìyá Àgbà pòṣé.

"Ọba yìí ya dìndìnrìn, wálláhì! Ta ní ń pín ogún ní kọ̀rọ̀? Gbangba làṣá ń ta." Ó dìde, kò wo ìyókù.

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ó ránṣẹ́ pe gbogbo amọ̀kòkò àdúgbò, ó pe Àǹtí Ràbí, ó sì pe mọ́gàjí, olórí agbo ilé wa. Ó dì mí lọ́wọ́ mú láàárín wọn. "Gbogbo yín, ẹ gbọ́ o. Ibi ìsunkòkò yìí, ti ọmọ yìí ni. Ìyá rẹ̀ ni yóò máa bá a mójú tó o títí yóò fi dàgbà."

Àǹtí Ràbí figbe ta. "Ìyá, ọmọ tí kò tíì mọ ikun fọn lẹ ń gbé ilẹ̀ fún?"

"Ìwọ tó ti mọ ikun fọn, ìkòkò mélòó lo mọ?"

Inú mi dùn débi pé n kò lè pa ẹnu dé.

Nígbà tí Ìyá Àgbà kú, Àǹtí Ràbí kó búlọ́ọ̀kù dé lóòótọ́. Àwọn amọ̀kòkò jáde, wọ́n jókòó sórí eérú ibẹ̀ pẹ̀lú màmá mi. "Etí wa ló gbọ́ ọ," ni wọ́n wí. Èmi náà jókòó tì wọ́n. Wọ́n pè mí wá jẹun, mo kọ̀, n kò dìde títí ọkọ̀ fi kó búlọ́ọ̀kù padà.

Mo ti di ìyá ọlọ́mọ báyìí. Àwọn ọmọ tèmi kò fẹ́ fọwọ́ kan amọ̀. Ẹni tó mọṣẹ́ jù lọ nínú àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ mi ni Sàídátù, ọmọ Àǹtí Ràbí. Mo ti ránṣẹ́ pe àwọn amọ̀kòkò àti mọ́gàjí, kí n lè sọ ẹni tí yóò jogún ibi ìsunkòkò. Wọ́n ní n kò tíì pé ogójì ọdún, kí ni mò ń kánjú sí? Mo mọ̀ pé bí ọmọdé tó jókòó sórí eérú lọ́jọ́ yẹn bá gbọ́ orúkọ tí mo fẹ́ dá, yóò sunkún, yóò sì pè mí ní ọ̀dàlẹ̀. Kó sunkún. Sàídátù ni mo máa pè, lójú gbogbo wọn.